Ẹran Màlúù àti Olú Nínú Ọbẹ̀ Yógọ́ọ̀tì: Bí A Ṣe Lè Sè É Kó Fúyẹ́, Kó Ki, Kó Má sì Ṣù

Ohun kan ṣoṣo ló sábà máa ń ba ọbẹ̀ yìí jẹ́: ẹni tó ń sè é á da yógọ́ọ̀tì sínú ìkòkò tó ń hó, yógọ́ọ̀tì á ṣù, omi á yà á lọ́tọ̀, onítọ̀hún á sì gbà pé kírímù nìkan ló lè ṣe é. Kò rí bẹ́ẹ̀. Yógọ́ọ̀tì lè mú kí ọbẹ̀ ẹran àti olú ki, kó jọ̀lọ̀, kó sì dán, bí a bá mọ ìgbà tó yẹ kó wọlé. Ẹran àti olú ń fẹ́ iná tó le. Yógọ́ọ̀tì ń fẹ́ iná tó ti rọlẹ̀. Iṣẹ́ tiwa ni pé ká parí ọ̀rọ̀ iná líle pátápátá kí yógọ́ọ̀tì tó dé ibẹ̀.

Rọ́ṣíà ni oúnjẹ náà ti wá. Orúkọ ìdílé ọlọ́lá kan, Stroganov, ni wọ́n fi pè é, ìdí nìyẹn tí gbogbo ayé fi mọ̀ ọ́n sí beef stroganoff. Ní ọdún 1871, ìwé ìdáná kan ní Rọ́ṣíà tẹ bí wọ́n ṣe ń sè é jáde. Kò sí olú nínú rẹ̀, kò sí àlùbọ́sà. Ẹran ni, pẹ̀lú bọ́tà, ìyẹ̀fun, omi ẹran, mọ́sítádì, àti kírímù kíkan tí kò ju ṣíbí ìjẹun méjì lọ fún ẹran tó ń lọ sí kílò kan. Ṣíbí méjì péré! Ọbẹ̀ funfun tí kírímù bò mọ́lẹ̀, tí a mọ̀ lónìí, ẹ̀yìn ìgbà náà ló dé. Nítorí náà, ẹni tó bá dín kírímù kù kò ba oúnjẹ yìí jẹ́ rárá. Omi ẹran, mọ́sítádì àti ẹran tí iná mú dáadáa ló gbé e ró láti ìbẹ̀rẹ̀.

Kí ni a ń dín kù gan-an?

Ẹ jẹ́ ká ṣírò rẹ̀. Kírímù tó ki máa ń ní ọ̀rá tó tó ìdá 36 nínú ọgọ́rùn-ún; kírímù kíkan máa ń ní nǹkan bí 20. Bí ẹ bá fi 250 gíráàmù kírímù kíkan sínú ọbẹ̀ ènìyàn mẹ́rin, ọ̀rá 50 gíráàmù lẹ fi sí i. Bó bá jẹ́ kírímù tó ki ni, á sún mọ́ 90 gíráàmù. Yógọ́ọ̀tì tí wọ́n fi wàrà ṣe láìfa ọ̀rá rẹ̀ kúrò máa ń ní ìdá 3 sí 4, èyí tó túmọ̀ sí pé nínú 250 gíráàmù rẹ̀, ọ̀rá ibẹ̀ kì í ju nǹkan bí 10 gíráàmù lọ.

Àmọ́ ohun kan wà tí a gbọ́dọ̀ fi kún ìṣirò yẹn. Bí ẹ bá sẹ́ yógọ́ọ̀tì kó lè ki, omi nìkan ló ń jáde. Ọ̀rá kì í bá omi lọ. Yógọ́ọ̀tì 500 gíráàmù tí ẹ sẹ́ títí tó fi ku 250 ṣì gbé ọ̀rá 500 dání, ìyẹn nǹkan bí 17 gíráàmù. Ó ṣì kéré gan-an sí 50, ṣùgbọ́n ẹni tó ń ṣọ́ ohun tó ń jẹ ní láti mọ̀.

Nígbà náà, ṣé ká kúkú lo èyí tí kò ní ọ̀rá rárá? Mo ní kí ẹ má ṣe bẹ́ẹ̀. Ọ̀rá díẹ̀ inú yógọ́ọ̀tì kì í jẹ́ kí iná tètè mú un ṣù, kì í sì í jẹ́ kó kan ènìyàn lẹ́nu jù. Èyí tí ọ̀rá rẹ̀ jẹ́ ìdá 4 tàbí 5, tó sì ti ki láti ilé iṣẹ́, ni mo yàn láàyò. Ohun kan ṣoṣo tí kò ṣeé yí padà ni pé kò gbọ́dọ̀ ní ṣúgà, fànílà tàbí adùn èso kankan nínú. Ẹ ka ara ike rẹ̀ dáadáa, torí àwọn kan wà tí wọ́n funfun bí èyí tó mọ́, tó jẹ́ pé ṣúgà ti wà nínú wọn.

Ohun tí ẹ máa nílò fún ènìyàn mẹ́rin

- Ẹran màlúù tó rọ̀, 500 gíráàmù
- Olú, 400 gíráàmù
- Àlùbọ́sà ńlá kan
- Aáyù, ẹyọ méjì
- Òróró, ṣíbí ìjẹun méjì
- Páprika, ìyẹn ata pupa gbígbẹ tí kì í ta, ṣíbí ìmutíì kan
- Mọ́sítádì, ṣíbí ìjẹun kan
- Omi ẹran tí iyọ̀ rẹ̀ kò pọ̀, 250 mìlílítà
- Yógọ́ọ̀tì tó ki, 250 gíráàmù
- Kọ́nfúláwà, ṣíbí ìjẹun kan
- Iyọ̀, ata dúdú, àti ewé dílì tàbí pásílì díẹ̀

Kọ́nfúláwà tí mo ń sọ ni sítáàṣì àgbàdo, ìyẹ̀fun funfun tó kúnná lẹ́búlẹ́bú. Kì í ṣe odidi àgbàdo tí wọ́n lọ̀. Ìyẹn kò ní ṣiṣẹ́ kan náà.

Bí yógọ́ọ̀tì tí ẹ ní bá ń ṣàn, ẹ tẹ́ aṣọ funfun tó mọ́ sínú asẹ́, ẹ gbé asẹ́ lé abọ́, ẹ da 500 gíráàmù yógọ́ọ̀tì sí i, kí ẹ sì gbé e sínú fíríìjì fún wákàtí mẹ́ta tàbí mẹ́rin. Omi á máa kán sísàlẹ̀, èyí tó kù nínú aṣọ á sì ki. Ẹ lè ṣe é lálẹ́ kó di àárọ̀.

Ẹran: ibi tí ẹ ti gé e àti bí ẹ ṣe gé e

Kì í ṣe gbogbo ẹran ló bá ọ̀nà kíákíá yìí mu. Àwọn ibi tí màlúù kì í fi ṣe wàhálà nígbà ayé rẹ̀, bí ẹran tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ eegun ẹ̀yìn, èyí tí wọ́n ń pè ní fillet tàbí sirloin, máa ń rọ̀, ìṣẹ́jú díẹ̀ sì ti tó wọn. Ẹran ọrùn, èjìká àti ẹsẹ̀ ti ṣiṣẹ́ púpọ̀. Wọ́n ní adùn tó jinlẹ̀, àmọ́ wákàtí ni wọ́n ń fẹ́. Mo máa dé orí ìyẹn nísàlẹ̀.

Ẹ gbé ẹran náà sínú fírísà fún bí ọgbọ̀n ìṣẹ́jú kí ẹ tó gé e. Kò ní dì, àmọ́ á le díẹ̀, ọ̀bẹ á sì lè gba inú rẹ̀ kọjá láìfà á. Lẹ́yìn náà, ẹ wò ó dáadáa: ẹ máa rí fọ́nrán ẹran náà tó tò lọ sí ọ̀nà kan. Ẹ gé e dábùú àwọn fọ́nrán yẹn. Ẹ má gé e bí wọ́n ṣe tò lọ. Fọ́nrán gígùn ló ń mú kí ẹran yi lẹ́nu. Bí ẹ bá gé e dábùú, ọ̀bẹ ti já gbogbo wọn sí wẹ́wẹ́ kó tó dé ẹ̀yìn eyín. Ẹ jẹ́ kí ègé kọ̀ọ̀kan fẹ̀ tó sẹ̀ǹtímítà kan, kó sì gùn tó márùn-ún.

Ẹ wá fi bébà ìdáná tàbí aṣọ mímọ́ nu omi ara rẹ̀ títí á fi gbẹ. Ó jọ nǹkan kékeré, ṣùgbọ́n òun ló ń pinnu bóyá ẹran á pọ́n tàbí kò ní pọ́n. Ara ẹran kì í pọ́n dáadáa àyàfi tí ooru bá tó nǹkan bí 140 lórí òṣùwọ̀n Celsius. Omi kì í kọjá 100 kó tó di èéfín. Níwọ̀n ìgbà tí omi bá ṣì wà lára ẹran, bíbọ̀ lẹ ń bọ̀ ọ́.

Ìgbésẹ̀ kìíní: ẹ dín ẹran

Ẹ gbé páànù tó fẹ̀, tó sì nípọn nídìí, kaná. Ẹ jẹ́ kó gbóná gan-an kí ẹ tó da ṣíbí òróró kan sí i. Ẹ wọ́n iyọ̀ díẹ̀ sára ẹran, kí ẹ kó ìdajì rẹ̀ sínú páànù, kí ọ̀kan má gun èkejì. Ariwo tó máa jáde gbọ́dọ̀ le, kó máa ta ṣàà. Bí ó bá dákẹ́, páànù kò tíì gbóná tó tàbí ẹran ti pọ̀ jù.

Ẹ fi í sílẹ̀. Ẹ má rò ó. Lẹ́yìn ìṣẹ́jú kan, ẹ yí i padà, ẹ fún ẹ̀gbẹ́ kejì ní bí ìdajì ìṣẹ́jú, kí ẹ kó o sínú abọ́. Àárín rẹ̀ á ṣì pupa díẹ̀. Kò burú, torí ó ṣì ń padà bọ̀ sórí iná. Ẹ ṣe ìdajì kejì bẹ́ẹ̀. Omi tó bá sun sínú abọ́ náà, ẹ má dà á nù.

Ohun dúdú-pupa tó lẹ̀ mọ́ ìdí páànù báyìí ni ọrọ̀ oúnjẹ yìí. Ẹ má fọ̀ ọ́.

Ìgbésẹ̀ kejì: ẹ jẹ́ kí olú sun omi rẹ̀

Olú ju ìdá 90 nínú ọgọ́rùn-ún lọ ní omi. Ẹni tó bá dà á sínú ọbẹ̀ láìjẹ́ kó kọ́kọ́ sun omi yẹn, inú ọbẹ̀ ló máa sun ún sí, ọbẹ̀ á ṣàn, yógọ́ọ̀tì tí ẹ fara balẹ̀ sẹ́ á di asán. Nítorí náà, ibi tó yẹ kí ẹ ti ní sùúrù jù lọ nìyí.

Ẹ fi omi ṣan olú kíákíá, ẹ má rẹ ẹ́, ẹ nù ún, ẹ rẹ́ ẹ kó nípọn tó ìdajì sẹ̀ǹtímítà. Olú tí wọ́n gbìn fún títà ni kí ẹ lò. Olú igbó tí ẹ kò mọ̀ dájú, ẹ má sún mọ́ ọn. Májèlé wà nínú àwọn kan tí sísè kò lè pa.

Ẹ da gbogbo olú náà sínú páànù tí ẹ fi dín ẹran, láìfi òróró tàbí iyọ̀ kún un. Lẹ́yìn ìṣẹ́jú mélòó kan, omi á bẹ̀rẹ̀ sí í jáde lára rẹ̀. Ẹ fi ṣíbí onígi ha ìdí páànù nígbà yẹn: omi olú á tú ohun tí ẹran fi sílẹ̀, àwọ̀ rẹ̀ á yí, adùn ẹran á sì wọnú olú. Ẹ jẹ́ kí iná ṣì le. Omi náà á gbẹ, ariwo páànù á yí padà láti híhó sí títa, olú á sún kì, etí rẹ̀ á máa pọ́n. Gbogbo rẹ̀ lè gba ìṣẹ́jú mẹ́jọ sí méjìlá. Ẹ má bẹ̀rù pé á rọ̀ jù. Ohun tó di ara olú mú kò rí bíi ti ewébẹ̀, iná kì í tètè tú u ká.

Bí òróró ṣe dín kù nìyí láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni mọ̀ ọ́n lẹ́nu. Olú tútù máa ń fa òróró mu bíi kànìnkànìn, ẹni tó ń dín in á sì máa fi kún un ṣáá. Èyí tó ti sun omi rẹ̀, tó sì ti sún kì, kì í fà á mu tó bẹ́ẹ̀.

Ìgbésẹ̀ kẹta: ìpìlẹ̀ ọbẹ̀

Ẹ dín iná kù sí àárín. Ẹ fi ṣíbí òróró kejì sí i pẹ̀lú àlùbọ́sà tí ẹ rẹ́ wẹ́wẹ́ àti iyọ̀ díẹ̀. Ìṣẹ́jú márùn-ún sí mẹ́fà, títí àlùbọ́sà á fi rọ̀, tí á máa dán. Aáyù tẹ̀ lé e, àti páprika; ẹ máa rò ó fún bí ìdajì ìṣẹ́jú, torí páprika máa ń tètè jóná, á sì korò. Ẹ da omi ẹran sí i kíá, ẹ po mọ́sítádì mọ́ ọn, kí ẹ jẹ́ kó hó títí yóò fi dín sí nǹkan bí ìdá méjì nínú mẹ́ta.

Ẹ tọ́ ọ wò nísinsìnyí. Ó yẹ kó dùn, kó sì le lẹ́nu díẹ̀, torí yógọ́ọ̀tì máa rọ̀ ọ́ lójú. Bí kò bá dùn níbi yìí, yógọ́ọ̀tì kò ní mú un dùn. Ẹ jẹ́ kó hó díẹ̀ sí i.

Ìgbésẹ̀ kẹrin: yógọ́ọ̀tì

Ó dára ká mọ ìdí tó fi ń ṣù. Purotéènì wàrà ló ń mú yógọ́ọ̀tì ki. Kíkan rẹ̀ ti mú kí àwọn purotéènì náà di ara wọn mú wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́, omi sì wà láàárín wọn. Bí ooru líle bá kàn wọ́n, ńṣe ni wọ́n á fún mọ́ra, wọ́n á fún omi náà jáde. Ohun tí a ń pè ní ṣíṣù nìyẹn. Sítáàṣì máa ń bọ́ sáàárín wọn, kì í sì í jẹ́ kí wọ́n lè fún mọ́ra bẹ́ẹ̀. Nítorí ìdí yìí, kọ́nfúláwà kì í ṣe ọ̀rọ̀ kí ọbẹ̀ ki nìkan. Òun ni olùṣọ́ yógọ́ọ̀tì.

Ẹ yọ yógọ́ọ̀tì kúrò nínú fíríìjì ní ọgbọ̀n ìṣẹ́jú ṣáájú. Ẹ dà á sínú abọ́, ẹ fi ṣíbí kọ́nfúláwà kan po ó títí kò fi ní sí kókó kankan.

Ẹ pa iná lábẹ́ páànù. Ẹ dúró títí kò fi ní hó mọ́, bí ìṣẹ́jú méjì. Ẹ bu ṣíbí ìjẹun kan nínú omi ọbẹ̀ gbígbóná náà sínú abọ́ yógọ́ọ̀tì, ẹ rò ó. Ẹ bu òmíràn, ẹ rò ó. Tí ẹ bá ti bù ú tó mẹ́fà tàbí méje, abọ́ náà á ti lọ́ wọ́ọ́rọ́, ooru páànù kò sì ní bá yógọ́ọ̀tì lójijì mọ́. Ìgbà náà ni kí ẹ wá da yógọ́ọ̀tì sínú páànù díẹ̀díẹ̀, kí ẹ máa rò ó lọ.

Ẹ tan iná padà, kó kéré jù lọ. Ẹ máa rò ó fún ìṣẹ́jú mẹ́ta sí mẹ́rin. Èéfín á máa jáde lójú ọbẹ̀, ọbẹ̀ á máa ki, á bẹ̀rẹ̀ sí í lẹ̀ mọ́ ẹ̀yìn ṣíbí. Ṣùgbọ́n kò gbọ́dọ̀ hó. Bí ẹ bá ní ẹ̀rọ ìwọn-ooru, ẹ jẹ́ kó wà ní bí 80 lórí Celsius. Ẹ má gé ìṣẹ́jú yìí kúrú, torí kọ́nfúláwà tí kò jinná máa ń hàn lẹ́nu bí ẹfun.

Ẹ da ẹran padà pẹ̀lú gbogbo omi tó sun sínú abọ́ rẹ̀. Ìṣẹ́jú kan sí méjì péré, kó kàn gbóná. Ẹ tọ́ iyọ̀ wò nísinsìnyí, ẹ lọ ata dúdú sí i, ẹ já ewé sí i. Bí ó bá kan jù, ṣúgà bí ìdá kan nínú mẹ́rin ṣíbí ìmutíì á tún un ṣe.

Bí ó bá ṣù

Ẹ má dà á nù. Kò ní ṣe ènìyàn ní nǹkan kan. Ẹ gbé e kúrò lórí iná lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀. Bí ó bá ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bẹ̀rẹ̀, ẹ fi omi tútù díẹ̀ po ṣíbí ìmutíì kọ́nfúláwà kan, ẹ dà á sí i, kí ẹ máa rò ó lórí iná tó kéré jù. Bí ó bá ti ṣù tán, ẹ fi asẹ́ yọ ẹran àti olú, ẹ da omi ọbẹ̀ náà sínú bílẹ́ńdà pẹ̀lú ṣíbí yógọ́ọ̀tì tuntun méjì, ẹ lọ̀ ọ́ títí á fi jọ̀lọ̀. Kò ní dán bíi ti àkọ́kọ́, ṣùgbọ́n á ṣeé gbé fún àlejò.

Bó bá jẹ́ ẹran tó yi lẹ ní

Ẹ gé e tóbi, bí sẹ̀ǹtímítà mẹ́ta ní gbogbo ọ̀nà. Ẹ dín in kó pọ́n, ẹ da omi ẹran bí 500 mìlílítà sí i, ẹ dé e, kí ẹ sì jẹ́ kó máa hó jẹ́jẹ́ fún wákàtí kan àbọ̀ sí méjì, títí fọ́ọ̀kì á fi wọ̀ ọ́ láìfi agbára. Olú àti àlùbọ́sà, inú páànù mìíràn ni kí ẹ ti ṣe wọn gẹ́gẹ́ bí mo ṣe sọ, kí ẹ wá dà wọ́n pọ̀ ní ìparí. Ọ̀rọ̀ yógọ́ọ̀tì kò yí padà. Èmi gan-an fẹ́ràn ọ̀nà yìí ju ti kíákíá lọ, torí omi ọbẹ̀ rẹ̀ máa ń jinlẹ̀ púpọ̀. Ẹ yọ ọ̀rá tó bá léfòó sójú ọbẹ̀ kúrò kí yógọ́ọ̀tì tó wọlé, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, ohun tí ẹ fi yógọ́ọ̀tì dín kù á gba ẹ̀yìnkùlé padà.

Ohun tí a lè fi jẹ ẹ́, àti bí a ṣe ń tọ́jú èyí tó kù

Ní Rọ́ṣíà, pòtétò tí wọ́n gé tín-ín-rín tí wọ́n sì dín ni wọ́n sábà máa ń fi jẹ ẹ́. Ìrẹsì àti pasítà fífẹ̀ náà bá a mu. Ẹni tó fẹ́ kí gbogbo àwo náà fúyẹ́ lè lo pòtétò bíbọ̀ tàbí pasítà odidi ọkà, pẹ̀lú ewébẹ̀ tútù lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀.

Èyí tó bá kù, ẹ gbé e sínú fíríìjì kó tó pé wákàtí méjì lẹ́yìn tí ẹ sè é, kí ẹ sì jẹ ẹ́ tán láàárín ọjọ́ mẹ́ta. Bí ẹ bá fẹ́ gbé e kaná padà, ẹ bu omi ṣíbí kan tàbí méjì sí i, kí iná kéré, kí ẹ máa rò ó títí gbogbo inú rẹ̀ á fi gbóná dáadáa. Ẹ má gbé e sínú fírísà: yógọ́ọ̀tì tó bá ti dì máa ń yà nígbà tó bá yọ́. Bí ẹ bá fẹ́ sè púpọ̀ sílẹ̀, ìpìlẹ̀ ọbẹ̀ pẹ̀lú ẹran tó yi àti olú ni kí ẹ kó sínú fírísà láìsí yógọ́ọ̀tì. Lọ́jọ́ tí ẹ bá fẹ́ jẹ ẹ́, ẹ jẹ́ kó yọ́ nínú fíríìjì, ẹ gbé e kaná kó hó, ẹ pa iná, kí ẹ sì bẹ̀rẹ̀ láti ìgbésẹ̀ kẹrin.